George Romero: kí ló dé tí fíìmù tí gbogbo ayé ń wò kò sọ ẹni tó ṣe é di olówó?

Adéfíìmù:
Ẹ kú déédéé ìwòyí o, ẹ̀yin ará ilé. Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fẹ́ ká jọ tú palẹ̀. George A. Romero, ọmọ Bronx ní New York tó fi ìlú Pittsburgh ṣe ibùjókòó, ló darí Night of the Living Dead tó jáde lọ́dún 1968. Owó tí wọ́n ná lé e lórí kò ju nǹkan bíi $114,000 lọ. Gbogbo fíìmù tí òkú ti ń rìn tó sì ń jẹ ẹran ara èèyàn lónìí, ọmọ àti ọmọ-ọmọ fíìmù yẹn ni wọ́n. Síbẹ̀, ẹnikẹ́ni lè dà á kọ, kó tà á, kó gbé e sórí YouTube, kò sì ní san kọ́bọ̀ fún ẹnì kankan. Mo kà á níbì kan pé torí pé wọn kò forúkọ rẹ̀ sílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba ni. Ṣé bẹ́ẹ̀ ni? Kí sì ni ẹni tó fẹ́ fi owó kékeré ṣe fíìmù ẹlẹ́rù lè rí mú nínú iṣẹ́ ọkùnrin yìí, láti 1968 títí tó fi kú ní 2017? Ẹ jọ̀ọ́, àlàyé tó lójú ni mo ń wá.

Alákọsílẹ̀:
Ẹ ṣé tí ẹ gbé e wá. Èyí tí ẹ kà yẹn kò rí bẹ́ẹ̀. Ọ̀rọ̀ ìforúkọsílẹ̀ kọ́ ló gba fíìmù náà lọ́wọ́ wọn, àkọlé iwájú ni.

Òfin Amẹ́ríkà tó wà lóde nígbà náà, èyí tí wọ́n ṣe ní 1909, ní kí iṣẹ́ tó bá ti bọ́ sí ìta ní àmì © lára, pẹ̀lú ọdún àti orúkọ ẹni tó ni ín. Bí kò bá ti sí níbẹ̀, iṣẹ́ náà ti di ti gbogbo ayé. Romero àtàwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ mọ èyí, wọ́n sì fi àmì náà sí i. Abẹ́ àkọlé gan-an ni wọ́n kọ ọ́ sí, àkọlé ọ̀hún sì ni Night of the Flesh Eaters. Nígbà tí ilé-iṣẹ́ Walter Reade, tó gba fíìmù náà láti pín in fún àwọn ilé sinimá, fẹ́ yí orúkọ padà, wọ́n gé àkọlé àtijọ́ kúrò, wọ́n lẹ tuntun mọ́ ọn. Àmì © bá ti àtijọ́ lọ. Kò sẹ́ni tó rántí kọ ọ́ sí tuntun. Àwòrán tí kò pẹ́ lójú ju ìṣẹ́jú-àáyá mélòó kan lọ ni gbogbo rẹ̀ o!

Òfin mìíràn tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 1978 fún èèyàn ní ọdún márùn-ún láti tún irú àṣìṣe yìí ṣe, láti oṣù kẹta ọdún 1989 sì ni àmì náà kò ti pọn dandan mọ́. Ṣùgbọ́n kò sí èyí tó padà sẹ́yìn lọ gba fíìmù ọdún 1968 sílẹ̀ nínú méjèèjì. Omi ti tẹ̀yìn wọ ìgbín lẹ́nu.

Ìyá Kámẹ́rà:
Òótọ́ ni Alákọsílẹ̀ sọ. Ẹ jẹ́ kí n fi ọ̀rọ̀ owó kún un, torí iye tí ẹ dá yẹn, $114,000, kò jáde lójú kan.

Èèyàn mẹ́wàá ni wọ́n kọ́kọ́ kóra jọ, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi pe ẹgbẹ́ náà ní Image Ten. Ẹnì kọ̀ọ̀kan mú $600 sílẹ̀, ó di $6,000. Bí ìgbà téèyàn ń dá àjọ ni. $6,000 kò lè ṣe fíìmù tán, ṣùgbọ́n ó tó láti bẹ̀rẹ̀, wọ́n sì wá àwọn mìíràn tó fowó kún un títí ó fi pé. Ohun tó gbè wọ́n jù ni pé wọ́n ti ní ilé-iṣẹ́ tẹ́lẹ̀, The Latent Image, tó ń ṣe ìpolówó ọjà fún tẹlifíṣọ̀n ní Pittsburgh. Kámẹ́rà wà nílé, iná wà nílé, wọ́n sì mọ bí wọ́n ṣe ń gé fíìmù. Owó háyà irinṣẹ́ tó máa ń jẹ ọ̀pọ̀ olóòtú tuntun run kò kàn wọ́n tó bẹ́ẹ̀.

Ẹ tún wo bí iṣẹ́ ṣe pín. Russell Streiner ni olóòtú, òun náà ló ṣe Johnny, ẹ̀gbọ́n Barbra, tí òkú pa ní itẹ́ òkú níbẹ̀rẹ̀. Karl Hardman àti Marilyn Eastman ṣe tọkọtaya tó sá sí àjà ilẹ̀, àwọn náà ló tún bójú tó ohùn àti kíkun ojú. John Russo tó bá Romero kọ ìtàn náà di òkú nínú rẹ̀. Ẹni tó bá fi owó sí i tó sì tún ń ṣiṣẹ́ nínú rẹ̀ kì í béèrè owó ọ̀sẹ̀.

Wọ́n ya á láti oṣù kẹfà sí oṣù kejìlá ọdún 1967, wọ́n ń dá a dúró nígbà tí iṣẹ́ ìpolówó bá dé. Ilé oko kan nítòsí Evans City ni wọ́n lò. Ilé náà ti fẹ́rẹ̀ẹ́ di wíwó, nítorí náà wọ́n lè fọ́ fèrèsé, wọ́n lè kan pákó mọ́ ilẹ̀kùn bó ṣe wù wọ́n. Ṣùgbọ́n kò sí omi ẹ̀rọ níbẹ̀, àjà ilẹ̀ rẹ̀ kò sì ṣe é lò. Gbogbo ibi tí ẹ rí tí wọ́n ti ń jà lábẹ́ ilẹ̀, ìsàlẹ̀ ọ́fíìsì wọn ní Pittsburgh ni wọ́n ti ya á.

Jagunlabí:
Ẹ má gbàgbé ọ̀rọ̀ mọ́tò! Ọkọ̀ tí Barbra wọ̀ nínú itẹ́ òkú, ti ìyá ọ̀kan nínú wọn ni. Láàárín ọjọ́ iṣẹ́ kan sí èkejì, wọ́n gbá ọkọ̀ náà níta, ara rẹ̀ sì tẹ̀ wọnú. Kò ní bá èyí tí wọ́n ti yà mu mọ́. Ohun tí wọ́n ṣe ni pé wọ́n yí ìtàn padà: Barbra ń sá lọ, ọkọ̀ fara gbá igi, ó sì bọ́ sílẹ̀, ó fẹsẹ̀ fẹ́ ẹ. Ẹni tó bá ń wo fíìmù náà kò lè mọ̀ láéláé.

Adéfíìmù:
Ẹ ṣeun gan-an. Kí ló dé tí wọ́n fi dúdú àti funfun yà á? Ṣé ọgbọ́n ni àbí àìlówó?

Ìyá Kámẹ́rà:
Méjèèjì ni. Fíìmù 35mm dúdú-funfun kò wọ́n tó aláwọ̀, kíkó o lọ sí ibi tí wọ́n ti ń fọ̀ ọ́ náà kò sì wọ́n tó bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ó tún fún un ní ìrísí ìròyìn orí tẹlifíṣọ̀n ìgbà náà, ìdí nìyẹn tó fi ń dẹ́rù bani. Àmọ́ ó ná wọn ní nǹkan lẹ́yìn: ilé-iṣẹ́ fíìmù Columbia kọ̀ ọ́ torí pé kò ní àwọ̀. Ilé-iṣẹ́ American International ní àwọn lè gbà á bí wọ́n bá yí òpin rẹ̀ padà. Romero kọ̀.

Ẹni tó bá ti wò ó mọ ìdí. Duane Jones, òṣèré aláwọ̀ dúdú, ló ṣe Ben. Wọn kò kọ ipa náà fún aláwọ̀ dúdú ní pàtó, òun ló mọ̀ ọ́n ṣe jù nínú àwọn tó wá. Ben ja gbogbo òru, ó ye é, nígbà tí ilẹ̀ mọ́ ni àwọn ọlọ́dẹ tó yẹ kó gbà á là yìnbọn fún un, wọ́n fi ìkọ́ wọ́ ọ sórí òkìtì igi. Alẹ́ ọjọ́ 4 oṣù kẹrin 1968, tí wọ́n ń gbé fíìmù náà lọ sí New York, ni rédíò kéde pé wọ́n ti pa Martin Luther King. Bí Romero bá ti gbà láti yí òpin yẹn padà, fíìmù lásán ni ìbá jẹ́.

Ọ̀dà Pupa:
Ọ̀dọ̀ mi ni ẹ̀jẹ̀ wà, ẹ fún mi láàyè.

Nínú ti 1968, oje ṣokoléètì inú ìgò, Bosco, ni wọ́n fi ṣe ẹ̀jẹ̀. Dúdú-funfun kò mọ pupa. Bí nǹkan ṣe ṣókùnkùn tó, bó sì ṣe ki tó ni ojú kámẹ́rà ń rí. Oje ṣokoléètì ki, ó ń ṣàn díẹ̀díẹ̀, ó sì ń dán. Ìdààmú dé nígbà tí wọ́n bọ́ sínú àwọ̀.

Ẹ wo Dawn of the Dead, fíìmù kejì tí Romero ṣe nípa àwọn òkú wọ̀nyí, tí wọ́n yà nínú ilé ìtajà ńlá kan. Tom Savini ló kun àwọn òkú lójú, ó sì yan àwọ̀ eérú torí pé ti àkọ́kọ́ jẹ́ dúdú-funfun. Nígbà tí fíìmù jáde, ọ̀pọ̀ nínú wọn di aláwọ̀ búlúù. Iná inú ilé ìtajà ló fà á: ìwọ̀n eérú tó dára lójú wa kì í ṣe ìwọ̀n kan náà lábẹ́ iná mìíràn. Ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n rà lọ́dọ̀ ilé-iṣẹ́ 3M náà mọ́lẹ̀ jù, ó pupa bí ọ̀dà. Savini kò fẹ́ràn rẹ̀, ṣùgbọ́n Romero ní ó bá a mu, ó jọ ìwé àwòrán ẹ̀rín. Ohun tó yẹ kí ẹ mú níbẹ̀: ẹ kun ojú ẹnì kan, ẹ gbé e sábẹ́ iná tí ẹ máa lò gan-an, ẹ yà á, ẹ wò ó lórí ẹ̀rọ, kí ẹ tó ra nǹkan fún ogún èèyàn.

Iṣẹ́ ọwọ́ Savini ló tún yẹ kí ẹ wò dáadáa. Òkú kan wà tí wọ́n ṣá àdá mọ́ ní orí. Kò sí idán kankan níbẹ̀. Wọ́n gé apá kan ojú àdá náà bí orí ṣe rí gẹ́lẹ́, tí wọ́n bá gbé e lé orí òṣèré, ó dà bíi pé ó wọlé. Àdá ayédèrú, ihò tó bá orí mu, ẹ̀jẹ̀ díẹ̀ yí etí ihò ká. Ohun tó ń ba irú rẹ̀ jẹ́ ni pé kámẹ́rà máa ń pẹ́ lé e jù. Ìṣẹ́jú-àáyá kan ó lé díẹ̀ ti tó.

Baba Ìtàn:
Kí n bi yín, ẹ̀yin ará: orúkọ wo ni ẹ máa ń pe àwọn òkú wọ̀nyí ní Yorùbá? Mo ń rí i tí àwọn kan ń kọ "àkúdàáyà". Kò tọ̀nà, ó sì dùn mí.

Àkúdàáyà kú, ó kúrò nílùú rẹ̀, ó lọ sí ìlú mìíràn, ó ń tajà, ó fẹ́ ìyàwó, ó bímọ. Ọjọ́ tí ẹni tó mọ̀ ọ́n nílé bá rí i ló máa ń pòórá. Èèyàn ni títí dé ọjọ́ náà, ó ń sọ̀rọ̀, ó lójú àánú. Àwọn ti Romero kò ní ìrántí tó já mọ́ nǹkan, wọn kì í sọ̀rọ̀, wọ́n kàn ń jẹ ni. Bẹ́ẹ̀ ni wọn kì í ṣe zombi ti Haiti, ẹni tí babaláwo ibẹ̀ jí dìde láti fi ṣiṣẹ́ ẹrú. Wọn kò pe orúkọ náà lẹ́ẹ̀kan nínú fíìmù 1968. "Ghoul" ni wọ́n pè wọ́n. Àwọn ará Ítálì tó sọ ìkejì ní Zombi wà lára àwọn tí kò jẹ́ kí orúkọ náà bọ́ lára rẹ̀ mọ́. "Òkú ajẹnìyàn" ló dára lójú tèmi.

Alákọsílẹ̀:
Ẹ ṣé, Baba. "Òkú ajẹnìyàn" ni mo máa lò látòní.

Ọ̀rọ̀ Ítálì tí ẹ dá yìí ló gbé mi dé ibi tí mo ń lọ. Láàárín 1968 àti 1978, Romero jìyà. Ó ṣe There's Always Vanilla ní 1971, Season of the Witch ní 1972, The Crazies ní 1973. Kò sí èyí tó pa owó nínú wọn, gbèsè ló kù. Nígbà náà ló bá Richard Rubinstein da iṣẹ́ pọ̀, wọ́n ń ṣe ètò nípa àwọn eléré ìdárayá fún tẹlifíṣọ̀n, títí kan O.J. Simpson ní 1974. Kì í ṣe fíìmù ẹlẹ́rù, ṣùgbọ́n owó rẹ̀ ló san gbèsè. Lẹ́yìn rẹ̀ ló ṣe Martin ní àdúgbò Braddock, ó fi 16mm yà á kí wọ́n tó sọ ọ́ di 35mm fún ilé sinimá. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan tó gbà pé amùjẹ̀ lòun, tí kò léyín, abẹ àti abẹ́rẹ́ ló ń lò. Ẹni tí kò bá wo èyí kò tíì mọ Romero.

Dawn of the Dead wá dé. Dario Argento, olùdarí fíìmù ará Ítálì, àtàwọn ará ibẹ̀ mìíràn fi owó sí i. Ohun tí wọ́n gbà padà ni ẹ̀tọ́ láti tà á ní àwọn ilẹ̀ tí kì í ṣe ti èdè Gẹ̀ẹ́sì, pẹ̀lú àṣẹ láti gé e bó ṣe wù wọ́n fún ibẹ̀. Romero di tirẹ̀ mú. Ìdí nìyẹn tí fíìmù kan fi ní ojú méjì: ti Ítálì jáde ní oṣù kẹsàn-án 1978, ìṣẹ́jú 119, orin Goblin, ẹgbẹ́ olórin Ítálì, kún inú rẹ̀; ti Amẹ́ríkà jáde ní oṣù kẹrin 1979, ìṣẹ́jú 127, ẹ̀fẹ̀ inú rẹ̀ pọ̀ sí i. Ẹ ṣàkíyèsí rẹ̀: ó pín ayé sí méjì lórí ìwé kí wọ́n tó tan kámẹ́rà. Ẹni tí àkọlé kan ti sọ di òtòṣì ti kọ́gbọ́n.

Jagunlabí:
Ilé ìtajà Monroeville Mall ni wọ́n ti ya á, ní ìlà-oòrùn Pittsburgh. Ọjà ń ná lójú ọ̀sán, nítorí náà òru nìkan ni wọ́n lè ṣiṣẹ́, láti bíi aago 11 alẹ́ sí 7 àárọ̀. Ní 7 ni orin inú ilé náà máa ń tan fúnra rẹ̀, kò sí bí wọ́n ṣe lè gba ohùn sílẹ̀ mọ́. Nígbà tí Kérésìmesì kù sí dẹ̀dẹ̀, ọ̀ṣọ́ kún gbogbo ibẹ̀. Wọ́n kó ẹrù wọn kúrò, wọ́n lọ ya àwọn apá tó wà níbòmíràn, wọ́n padà ní ọdún tuntun. Ẹni tó bá fẹ́ yá ibi táwọn èèyàn ń lò, kó béèrè ohun mẹ́ta kó tó sanwó: ta ló ń pa orin, ta ló ń pa iná, ọjọ́ wo ni wọ́n máa yí ibẹ̀ padà.

Adéfíìmù:
Ọ̀rọ̀ yìí ti lójú gan-an. Báwo ni wọ́n ṣe kọjá lọ́dọ̀ àwọn tó ń ṣàyẹ̀wò fíìmù? Mo gbọ́ pé wọn kò gba ìdíyelé kankan, ìyẹn àmì tó ń sọ ọjọ́ orí ẹni tó lè wo fíìmù.

Alákọsílẹ̀:
Ti 1968 rọrùn: ọjọ́ 1 oṣù kẹwàá ló jáde, ètò ìdíyelé Amẹ́ríkà bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 1 oṣù kọkànlá. Kò sí ohun tó ní kí ọmọdé má wọlé, ọ̀pọ̀ wọn sì wọlé. Ti Dawn, X ni wọn ì bá fún un, X sì ti di àmì fíìmù oníhòhò nígbà náà. Ọ̀pọ̀ ìwé ìròyìn kì í gba ìpolówó rẹ̀. Wọ́n yàn láti gbé e jáde láìní ìdíyelé, wọ́n kọ ìkìlọ̀ sára ìpolówó fúnra wọn. Ìyẹn kò ná wọn lówó nígbà yẹn. Ó ná wọn ní 1985.

Ìwé tí Romero kọ́kọ́ kọ fún Day of the Dead, fíìmù òkú kẹta rẹ̀, tóbi gan-an. Àwọn olówó ní àwọn máa fún un ní $7 mílíọ̀nù bó bá lè ṣe é níwọ̀n ìdíyelé R, tí ọmọ tí kò tíì pé 17 lè bá àgbàlagbà wò. Bó bá fẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ ṣàn bó ṣe wù ú, $3.5 mílíọ̀nù. Ó mú ìdajì, ó sì tún ìwé náà kọ kéré.

Ẹni tó bá wà ní Nàìjíríà kò lè tọ ọ̀nà yẹn o. Òfin àjọ tó ń ṣàyẹ̀wò fíìmù níbẹ̀ ní kí fíìmù gba ìdíyelé kí wọ́n tó fi han gbogbo èèyàn. Ẹ fi í sínú ètò yín pé 18 ni ẹ máa gbà, kí ẹ sì bá àwọn tó ni ilé sinimá sọ ọ́ ṣáájú. Ti àmì ©, ẹ fọkàn balẹ̀: òfin 2022 ti Nàìjíríà kò sọ pé bí kò bá sí àmì, ẹ̀tọ́ bọ́. Ó fún fíìmù ní 50 ọdún láti òpin ọdún tó kọ́kọ́ dé ọ̀dọ̀ àwọn èèyàn. Ibi tí ẹ̀tọ́ ti ń sọnù nílé ni ìwé tí wọ́n bá máàkẹ́tà fọwọ́ sí láìkà. Ẹ wo ibi tó bá sọ pé "gbogbo ọ̀nà" àti "títí láé". Ẹ yí i sí ọdún mélòó kan, kí ẹ dárúkọ ọ̀nà kọ̀ọ̀kan.

Ọ̀dà Pupa:
Ní ti Day of the Dead, ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tó bà á jẹ́ lọ́wọ́ wọn. Inú ihò tí wọ́n ti wa òkúta ẹfun nígbà kan ní Wampum, ìlú kan ní Pennsylvania, ni wọ́n ti ya èyí tó pọ̀ jù. Òtútù ibẹ̀ kì í yẹ̀, bíi 50 lórí ìwọ̀n Fahrenheit, ṣùgbọ́n ọ̀rinrin pọ̀. Kámẹ́rà ń kọṣẹ́, iná ń kú, àwọn ẹ̀rọ inú ara òkú ayédèrú ń yọnu. Rọ́bà àti gọ́ọ̀mù kì í gbẹ dáadáa níbi tó bá rin.

Ìfun ẹlẹ́dẹ̀ gidi láti ilé ìpẹran ni Savini fẹ́ lò fún ikú ọ̀gágun kan nínú fíìmù náà, ibi tí wọ́n ti fà á ya sí méjì. Wọ́n kó o sí fìríìjì kí wọ́n tó lọ sinmi. Ẹnì kan yọ fìríìjì náà kúrò lára iná. Nígbà tí wọ́n dé, gbogbo rẹ̀ ti rà. Kò sí òmíràn, wọ́n lò ó bẹ́ẹ̀, Joe Pilato tó ṣe ọ̀gágun náà sì dùbúlẹ̀ sínú òórùn yẹn títí wọ́n fi parí. Ẹ lẹ ìwé mọ́ pọ́lọ́ọ̀gì: "Ẹ má fọwọ́ kàn án." Owó ìwé kan ni.

Àwọn wákàpáàsì tó ṣe òkú níbẹ̀, ará Pittsburgh ló pọ̀ jù: dọ́là kan, fìlà kan, àti ìwé ìròyìn ayédèrú tó wà nínú fíìmù náà ni wọ́n gbà. Wọ́n sì ń tò wá.

Baba Ìtàn:
Ìyẹn ni ohun tí Romero ní tí àwọn ọlọ́lá Hollywood kò ní: ìlú tó fẹ́ràn rẹ̀. Ìgbà tó bọ́ sọ́wọ́ ilé-iṣẹ́ ńlá, nǹkan kò fararọ. Wọ́n yí òpin Monkey Shines padà mọ́ ọn lọ́wọ́ ní 1988. The Dark Half wà nílẹ̀ títí 1993 torí pé Orion, ilé-iṣẹ́ tó ni ín, wọ gbèsè. Lẹ́yìn rẹ̀, ọdún méje kọjá láìsí fíìmù rẹ̀ kan lóde, títí di Bruiser ní 2000. Ó ń kọ ìwé, wọ́n ń sanwó, wọn kò sì yà á. Ó dun èèyàn.

Adéfíìmù:
Ẹ̀gbọ́n Ọ̀dà Pupa, kí ẹ tó lọ: ẹ fún wa ní bí a ṣe lè po ẹ̀jẹ̀ aláwọ̀ tí kò ní dà bí ọ̀dà.

Ọ̀dà Pupa:
Ife ṣúgà méjì, ife omi kan. Ẹ gbé e ka iná kékeré títí ṣúgà fi yọ́, kó máa lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn ṣíbí. Bí ẹ bá fẹ́ kó ki sí i, ẹ fi omi tútù po ṣíbí kékeré kan ìyẹ̀fun àgbàdo, ẹ dà á sí i nígbà tó ń hó. Ẹ sọ̀ ọ́, ẹ jẹ́ kó tutù. Àwọ̀ pupa tí wọ́n fi ń ṣe kéèkì, ṣíbí ńlá méjì. Ìyẹ̀fun kòkó tí kò ní ṣúgà, ààbọ̀ ṣíbí kékeré, ẹ jọ̀ ọ́ kó má ṣe kókó. Àwọ̀ búlúù, ẹ̀kán kan, bóyá méjì. Kòkó ni kì í jẹ́ kí iná là á kọjá. Láìsí i, ó máa dà bí oje èso.

Ṣúgà ń pe èèrà àti eṣinṣin. Ẹ má po ju ti ọjọ́ náà lọ, kí ẹ dé e. Èyí tó máa kan aṣọ nìkan, ẹ fi ọṣẹ ìfọbọ́ díẹ̀ sí i, yóò tètè bọ́. Èyí tó máa wọ ẹnu tàbí tó máa súnmọ́ ojú, ẹ má dán an wò. Kí ẹ sì ra aṣọ kan náà mẹ́ta fún ẹni tí wọ́n máa yìnbọn fún, torí ìgbà àkọ́kọ́ kì í sábà dára.